Vitiate: Ọ̀rọ̀ Àbùkù Láti Róòmù dé Kóòtù

Inú èdè Látìnì ni vitiate, ọ̀rọ̀-ìṣe Gẹ̀ẹ́sì fún bíba nǹkan jẹ́, ti wá: vitium ni àbùkù. Ní Róòmù àtijọ́, vitium tún ni àṣìṣe nínú wíwo àmì ojú ọ̀run ṣáájú ìdìbò. Ní ọdún 162 ṣáájú ìbí Kristi, kọ́ńsúlù méjèèjì, àwọn olórí ìjọba Róòmù, fi ipò sílẹ̀ torí pé ẹni tó darí ìdìbò wọn gbàgbé láti tún àmì wò nígbà tó ré kọjá ààlà ìlú. Ohun kékeré, àmọ́ ó ba gbogbo rẹ̀ jẹ́! Ọ̀rọ̀ náà wọ èdè Gẹ̀ẹ́sì ní ọ̀rúndún kẹrìndínlógún. Òfin ló fìdí kalẹ̀ sí jù: jìbìtì a máa vitiate àdéhùn, ní Lọ́ńdọ̀nù àti l'Ékòó. Fún ọbẹ̀ tó kan, spoil ló tó.