Yìnyín Lọ́rùn Ọwọ́: Bí Jínóòmù Ènìyàn Ṣe Dé Orí Íntánẹ́ẹ̀tì

Ẹ mú fóònù yín, ẹ wá UCSC Genome Browser, kí ẹ tẹ rs334 síbi ìwákiri rẹ̀. Yóò gbé yín lọ síbi lẹ́tà kan ṣoṣo lórí krómósómù kọkànlá. Lẹ́tà yẹn ló ya AA, AS àti SS sọ́tọ̀; òun ló ń fa àìsàn fòníkú-fọ̀ladìde. Ọ̀fẹ́ ni. Wọn ò ní bi yín lórúkọ, wọn ò ní gba kọ́bọ̀. Àmọ́ ó ku díẹ̀ kó má rí bẹ́ẹ̀.

Lọ́dún 2000, ẹgbẹ́ méjì ló ń sáré láti ka DNA ènìyàn, nǹkan bíi bílíọ̀nù mẹ́ta lẹ́tà. Owó ìjọba àti ti àjọ aláàánú ló wà lẹ́yìn ọ̀kan. Èkejì ni Celera, ilé iṣẹ́ tí Craig Venter ń darí ní Amẹ́ríkà, tó ń gba owó lọ́wọ́ ẹni tó bá fẹ́ wo détà tiẹ̀. Ẹ̀rù ń ba àwọn ti àkọ́kọ́ pé bí Celera bá ṣáájú, wọ́n á fi ìwé àṣẹ sọ jíìnì wa di ohun ìní wọn. Bẹ́ẹ̀ détà tiwọn fúnra wọn ṣì wà ní wẹ́wẹ́, bí ìwé tí èèyàn ya sí ẹgbẹẹgbẹ̀rún ègé láìsí nọ́ńbà ojú ìwé.

Jim Kent ń kàwé gboyè ọ̀mọ̀wé lọ́wọ́ ní Yunifásítì California ní Santa Cruz. Kì í ṣe ọmọdé o. Ó ti kọ ètò kọ̀ǹpútà tí wọ́n fi ń ṣe àwòrán tó ń rìn kó tó padà sílé ẹ̀kọ́. Ọ̀sẹ̀ mẹ́rin péré ló fi kọ ètò tó to àwọn ègé náà pọ̀. Tó bá di alẹ́, yìnyín ló ń gbé lé ọrùn ọwọ́ rẹ̀, torí títẹ kọ̀ǹpútà ti pọ̀ jù. Kọ̀ǹpútà 100 tí David Haussler, ọ̀jọ̀gbọ́n rẹ̀, rí rà ló bá a ṣe iṣẹ́ náà. Ọjọ́ 22 oṣù Kẹfà ló parí, ọjọ́ díẹ̀ ṣáájú Celera. Lọ́jọ́ 26, Ààrẹ Clinton pe ẹgbẹ́ méjèèjì sí White House, wọ́n sì jọ pín ìyìn.

Lọ́jọ́ 7 oṣù Keje, wọ́n gbé e sórí íntánẹ́ẹ̀tì. Láàárín wákàtí 24, àwọn èèyàn ti wa 500 gígábáìtì sílẹ̀. Ẹ rántí pé GSM ò tíì dé Nàìjíríà nígbà yẹn!

Àmọ́ ta ló fẹ́ ka A, C, G, T bílíọ̀nù mẹ́ta? Kent mú irinṣẹ́ tó ti kọ fún jíìnì aràn kékeré kan, ó sọ ọ́ di Genome Browser: ẹ sún mọ́ ọn, ẹ rí lẹ́tà; ẹ sún sẹ́yìn, ẹ rí odidi krómósómù. Google Maps ò tíì délé ayé.

Ibi tó kàn wá nìyí. Ní Ensembl, ìkànnì irú rẹ̀ tó wà ní Hinxton ní England, ẹ tẹ rs334 kan náà, kí ẹ wo iye tó ní lẹ́tà náà láàárín ẹ̀yà kọ̀ọ̀kan. Ẹ ó rí YRI, ìyẹn Yorùbá ní Ìbàdàn. Iṣẹ́ HapMap, tó bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 2002, ló gba ẹ̀jẹ̀ èèyàn 90 níbẹ̀: bàbá, ìyá àti ọmọ, ìdílé 30. Charles Rotimi, ọmọ Nàìjíríà, wà lára àwọn tó bá ará ìlú jíròrò kí wọ́n tó gbà á. Ìlànà iṣẹ́ náà ní kí wọ́n máa pè wọ́n ní Yorùbá ní Ìbàdàn, kì í ṣe “Áfíríkà”. Síbẹ̀ ọ̀pọ̀ ìwé ìwádìí ló fi èèyàn 90 yìí dúró fún gbogbo ilẹ̀ dúdú. Èmi ò fara mọ́ ọn rárá.

Lọ́dún 2008, ìwé ìròyìn Nature gbé odidi jínóòmù ọkùnrin kan nínú wọn jáde. Gbogbo ayé lè ka lẹ́tà ara rẹ̀ títí dòní. Orúkọ tó ní níbẹ̀ ni NA18507.