Àdéhùn Ìjọba Lẹ́nu Adájọ́: Ìtumọ̀ Òfin ní Kóòtù Luxembourg àti ti Àbújá

Kóòtù tí orílẹ̀-èdè púpọ̀ pawọ́ pọ̀ gbé kalẹ̀ kò ní akọ́dà tí yóò mú arúfin, kò ní ọgbà ẹ̀wọ̀n tí yóò tì í mọ́, bẹ́ẹ̀ ni kò ní ọmọ ogun tí yóò rán sí ìjọba tí ó bá ṣorí kunkun. Ìdí tí ó bá tò sílẹ̀ nínú ìdájọ́ rẹ̀ ni agbára rẹ̀, bí ìdí náà bá sì yẹ̀, ìdájọ́ ti wó nìyẹn. Ẹni tí ó bá fẹ́ mọ ìwà irú kóòtù bẹ́ẹ̀, ọ̀nà tí ó gbà láti inú ọ̀rọ̀ àdéhùn dé orí ìdájọ́ ni kí ó tọpa. Abala 31 nínú Àdéhùn Vienna ti 1969 sọ pé kí a fi òtítọ́ inú túmọ̀ àdéhùn, gẹ́gẹ́ bí gbogbo ayé ti mọ ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ inú rẹ̀, níbi tí ọ̀rọ̀ náà jókòó sí, kí a má sì gbàgbé ohun tí a torí rẹ̀ ṣe àdéhùn. Gbólóhùn kan ṣoṣo ni, ṣùgbọ́n èyí tí adájọ́ bá kọ́kọ́ dì mú nínú rẹ̀ ni yóò pinnu ibi tí ẹjọ́ yóò já sí. Ìbéèrè kan ni mo fẹ́ fi yẹ̀ ẹ́ wò: bí ìjọba bá bá ìjọba ṣe àdéhùn, ǹjẹ́ oníṣòwò lásán, tí kò sí níbẹ̀ nígbà tí wọ́n ń tọwọ́ bọ̀wé, lè gbé àdéhùn náà lọ síwájú adájọ́? Kóòtù àjọ Yúróòpù ní Luxembourg dáhùn ní 1963, ti ECOWAS, àjọ àwọn orílẹ̀-èdè Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, ní Àbújá dáhùn ní 2004, ìdáhùn méjèèjì kò sì jọra.

Ilé iṣẹ́ akẹ́rù kan ní Họ́láńdì, Van Gend en Loos, ni ó kó èròjà kẹ́míkà kan wọlé láti Jámánì ní oṣù kẹsàn-án 1960. Owó ibodè tí wọ́n ń gbà lórí irú ẹrù bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀ jẹ́ ìdá 3 nínú 100; àwọn oníbodè wá béèrè 8, nítorí pé ìjọba ti ṣí ẹrù náà kúrò ní ìsọ̀rí kan sí òmíràn. Bẹ́ẹ̀ ni abala 12 nínú àdéhùn Róòmù ti 1957 ní kí ìjọba kankan má ṣe bù kún owó ibodè tí ó wà nílẹ̀. Ìjọba ni abala náà ń bá wí. Kò dárúkọ oníṣòwò rárá. Họ́láńdì, Bẹ́ljíọ̀m àti Jámánì, mẹ́ta nínú mẹ́fà tí ó dá àjọ náà sílẹ̀, ta ko oníṣòwò náà níwájú kóòtù, àní Karl Roemer pàápàá, amòfin àgbà tí ń gba kóòtù nímọ̀ràn, kò rí i pé abala náà fún aráàlú ní ẹ̀tọ́ tí adájọ́ lè gbà fún un.

Ní ọjọ́ 5 oṣù kejì 1963 ni àwọn adájọ́ sọ̀rọ̀, wọ́n sì gba ibòmíràn yọ. Wọ́n ní kí a wo ẹ̀mí àdéhùn náà, kí a wo ètò rẹ̀ lápapọ̀, kí a tó wá wo ọ̀rọ̀ inú rẹ̀. Kí òǹkàwé kíyè sí i pé ọ̀rọ̀ ni ó ṣe ìkẹyìn. Wọ́n ní ọjà àjọni tí àdéhùn náà fẹ́ dá sílẹ̀ kan aráàlú gbọ̀ngbọ̀n. Wọ́n ní ìfáárà rẹ̀ kò mọ lórí àwọn ìjọba nìkan, ó dárúkọ àwọn ènìyàn pẹ̀lú. Wọ́n sì ní abala 177, tí ó fi àyè sílẹ̀ fún kóòtù abẹ́lé láti béèrè ìtumọ̀ àdéhùn lọ́wọ́ Luxembourg, fi hàn pé àwọn ìjọba fúnra wọn ti mọ̀ pé aráàlú yóò gbé òfin yìí dé iwájú adájọ́ wọn. Láti ibẹ̀ ni wọ́n ti dé orí ọ̀rọ̀ tí kò kúrò nílẹ̀ mọ́ títí di òní: pé ètò òfin titun ni èyí, tí àwọn ìjọba torí rẹ̀ dín agbára ara wọn kù, tí ọmọ ìlú sì ní ìpín nínú rẹ̀. Àbọ̀ ọ̀rọ̀ là ń sọ fún ọmọlúàbí, bí ó bá dé inú rẹ̀, a di odindi; àwọn adájọ́ gbà pé àbọ̀ ni àwọn ìjọba sọ ní Róòmù. Lójú tèmi, abala 177 ni òpó tí ó gbé ilé náà ró. Ti ìfáárà kò wúwo tó bẹ́ẹ̀, nítorí àdéhùn wo ni kì í fi orúkọ àwọn ènìyàn ṣe ọ̀ṣọ́?

Ní ọdún kejì, nígbà tí Flaminio Costa, amòfin ará Milan, kọ̀ láti san owó iná mànàmáná, kóòtù náà tún gbé ọ̀rọ̀ ètò òfin titun yìí jáde, ó sì gùn ún lọ síwájú pé òfin àjọ ga ju òfin orílẹ̀-èdè tí ó bá lòdì sí i. Báyìí ni Luxembourg ṣe ń kọ́ ilé rẹ̀: gbólóhùn àná ni ó ń fi ṣe ìpìlẹ̀ tòní, ohùn kan ṣoṣo ni ó sì fi ń sọ̀rọ̀, láìsí àyè fún adájọ́ tí ọkàn rẹ̀ kò bá tẹ̀ lé tàwọn yòókù láti kọ tirẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, bí wọ́n ti ń ṣe ní kóòtù ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn ti Yúróòpù ní Strasbourg. Àǹfààní rẹ̀ ni pé ìjọba kò lè mọ adájọ́ tí yóò dì sínú. Àléébù rẹ̀ ni pé ìdí tí ó sapamọ́ pọ̀ ju èyí tí a kọ lọ.

Ẹ jẹ́ kí a wá bọ̀ sílé. Ní oṣù kẹjọ 2003, Nàìjíríà ti ẹnubodè rẹ̀ sí Olómìnira Benin pa. Ẹni tí ó bá mọ ọ̀nà Àgbádárìgì sí Àjàṣẹ́ mọ ohun tí èyí jẹ́ fún ẹni tí ọjà rẹ̀ wà ní òdìkejì. Ọ̀kan nínú irú wọn, Ọlájídé Afọlábí, pe ìjọba Nàìjíríà lẹ́jọ́ sí kóòtù ECOWAS pé ó du òun ní ẹ̀tọ́ láti rìn fàlàlà. Ìwé àdéhùn tí ó dá kóòtù náà sílẹ̀ ní 1991 sọ ní abala 9 pé ìjọba lè ṣojú ọmọ ìlú rẹ̀ pe ìjọba mìíràn tàbí ẹ̀ka àjọ lẹ́jọ́. Ìjọba wo wá ni yóò ṣojú ọmọ rẹ̀ pe ara rẹ̀ lẹ́jọ́? Síbẹ̀, ní ọjọ́ 27 oṣù kẹrin 2004, àwọn adájọ́ Àbújá ní ọ̀rọ̀ abala náà yanjú, àti pé Afọlábí kò ní ẹsẹ̀ tí yóò fi dúró níwájú àwọn. Ẹjọ́ náà sùn síbẹ̀.

Àwọn kan pè é ní ojo. Èmi kò bá wọn pè é bẹ́ẹ̀, nítorí ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Luxembourg rí abala 177 fara tì; ìwé ti 1991 ka àwọn tí ó lè wọlé lọ́kọ̀ọ̀kan, oníṣòwò kò sì sí láàrin wọn. Nípa kíkọ̀ láti fi ọgbọ́n orí dí àlàfo náà, kóòtù Àbújá gbé ìtìjú rẹ̀ ka iwájú àwọn tí ó kọ ìwé, àwọn adájọ́ fúnra wọn sì ń wí kiri pé kí a tún un kọ. Ní oṣù kìíní 2005, àwọn olórí orílẹ̀-èdè fọwọ́ sí àtúnṣe tí ó jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tí a bá tẹ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn rẹ̀ lójú lè wá fúnra rẹ̀.

Èso ìwé náà hàn nínú ẹjọ́ Hadijatou Mani sí ìjọba Niger. Ọmọ ọdún 12 ni wọ́n tà á ní 240,000 owó CFA fún ọkùnrin kan tí ó fi í ṣe ẹrú àti wáhàrì. Nígbà tí ó sì bọ́ tí ó fẹ́ ọkọ mìíràn, ọ̀gá rẹ̀ pè é lẹ́jọ́, adájọ́ Niger sì rán an lẹ́wọ̀n pé ó fẹ́ ọkọ méjì. Ìjọba ní kò tíì lo gbogbo kóòtù abẹ́lé tán kí ó tó wá. Kóòtù ECOWAS dáhùn pé ìwé 2005 ka ohun tí olùpẹ̀jọ́ gbọ́dọ̀ ṣe: kí ó má fi orúkọ pamọ́, kí ẹjọ́ náà má sì sí níwájú kóòtù àgbáyé mìíràn, àwọn tí ó kọ ọ́ kò béèrè ju bẹ́ẹ̀ lọ, kóòtù kò sì ní bá wọn fi kún un. Kíkà kan náà tí ó ti ìlẹ̀kùn mọ́ Afọlábí ni ó ṣí i fún Hadijatou. Lórí ẹrú níní, kóòtù fẹ ọ̀rọ̀ sẹ́yìn dé ìdájọ́ kóòtù àgbáyé ní Hague ti 1970, pé gbogbo orílẹ̀-èdè ni ó jẹ aráyé ní gbèsè láti dènà rẹ̀. Ó wá dá Niger lẹ́bi ní ọjọ́ 27 oṣù kẹwàá 2008, ó sì ní kí ó san 10,000,000 owó CFA. Ṣùgbọ́n ó kọ̀ láti gbé òfin Niger yẹ̀ wò lápapọ̀, ó ní ohun tí a ṣe sí ẹnìkan ni òun wà fún.

Ní oṣù tí ó tẹ̀ lé e, kóòtù SADC, àjọ àwọn orílẹ̀-èdè ìhà gúúsù Áfíríkà, tí ó wà ní Windhoek nígbà náà, gba ọ̀nà Luxembourg. Nínú ẹjọ́ Campbell sí Zimbabwe, lórí oko tí ìjọba gbà, ó di abala 4 nínú àdéhùn wọn mú, níbi tí àwọn ìjọba ti ní àwọn yóò máa hùwà ní ìbámu pẹ̀lú ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn, ó sì ní gbólóhùn yẹn nìkan ti tó láti fún òun láṣẹ. Zimbabwe kò gbọ́. Ní oṣù kẹjọ 2010, àwọn ààrẹ dá iṣẹ́ kóòtù náà dúró, ní 2014 wọ́n sì kọ ìwé titun tí ó fi í sílẹ̀ fún ẹjọ́ ìjọba sí ìjọba nìkan. Ọ̀rọ̀ náà tún dé iwájú adájọ́ abẹ́lé: ní oṣù kejìlá 2018, kóòtù òfin ìpìlẹ̀ ti Gúúsù Áfíríkà dájọ́ pé ààrẹ wọn kò lẹ́tọ̀ọ́ láti fọwọ́ sí ìwé tí ó gba ẹ̀tọ́ ìpẹ̀jọ́ lọ́wọ́ àwọn ará ìlú rẹ̀, ní 2019 sì ni Cyril Ramaphosa yọ ìbuwọ́lù náà kúrò.