Barbara Howar

Barbara Howar (tí wọ́n bí ní ọdún 1934) jẹ́ òǹkọ̀wé àti atọ́kùn ètò tẹlifíṣọ̀n ọmọ orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà. Kí ó tó di ojúlùmọ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n, ó wà lára àwọn obìnrin tí òkìkí wọn kàn nípa gbígba àwọn olóṣèlú lálejò ní ìlú Washington, D.C., láàárín ọdún 1960 sí 1969.

Ìbẹ̀rẹ̀ ìgbésí ayé

Dearing ni orúkọ ìdílé tí wọ́n bí i sí. Ìlú Nashville ní ìpínlẹ̀ Tennessee ni wọ́n ti bí i, ṣùgbọ́n Raleigh ní ìpínlẹ̀ North Carolina ni ó dàgbà sí. Nígbà tí ó dé Washington, ó ṣiṣẹ́ ní ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin. Lẹ́yìn náà ni Edmond Howar, ẹni tí ìdílé rẹ̀ là nípa iṣẹ́ ilé kíkọ́, fẹ́ ẹ. Wọ́n bí ọmọ méjì kí ìgbéyàwó náà tó tú ká.

Ipò rẹ̀ ní Washington

Ní Washington ìgbà náà, àpèjẹ alẹ́ nílé àwọn gbajúmọ̀ kì í ṣe fàájì lásán. Níbẹ̀ ni àwọn aṣòfin, àwọn aṣojú orílẹ̀-èdè òkèèrè àti àwọn oníròyìn ti máa ń bára wọn sọ ohun tí wọn kò lè sọ ní gbangba. Obìnrin tí kò di ipò òṣèlú kankan mú lè tipa bẹ́ẹ̀ di ẹni tí àwọn aláṣẹ ń fetí sí.

Howar kópa nínú ìpolongo ìbò Ààrẹ Lyndon B. Johnson ní ọdún 1964, ó sì súnmọ́ ìdílé Ààrẹ, títí kan ríran àwọn ọmọbìnrin rẹ̀ lọ́wọ́ lórí ọ̀ràn aṣọ. Ṣùgbọ́n kí Johnson tó fi ipò sílẹ̀ ní oṣù kìíní ọdún 1969, àárín wọn ti dàrú. Ipò tí ó rọ̀ mọ́ ojúrere Ààrẹ sì bá ojúrere náà lọ.

Iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n

Howar di ọ̀kan lára àwọn atọ́kùn ètò Panorama lórí WTTG ní Washington, níbi tí Maury Povich náà ti ṣiṣẹ́. Àwọn ènìyàn irú èyí tí ó ń gbà lálejò tẹ́lẹ̀ ni ó wá ń bi ní ìbéèrè níṣojú gbogbo ayé. Ní ọdún 1977, òun, Dan Rather àti Charles Kuralt ni wọ́n jọ wà lórí ètò Who's Who ti CBS. Lẹ́yìn ọdún 1980, ó di oníròyìn fún Entertainment Tonight.

Àwọn ìwé rẹ̀

Ní ọdún 1973 ni ó tẹ Laughing All the Way jáde, ìwé ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ tí ó tà wàràwàrà. Nínú rẹ̀, kò bo àṣìṣe ara rẹ̀ mọ́lẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni kò dá àwọn alágbára sí. Ìwé ìtàn àròsọ rẹ̀, Making Ends Meet, jáde ní ọdún 1976. Àwọn ìwé àti ètò wọ̀nyí ni ó fún un ní orúkọ tí kò dúró lórí ipò ọkọ tàbí ojúrere Ààrẹ kankan.