Agbẹ́jọ́ Ẹnìkan Dá: Bí Ìdajì Òtítọ́ Ṣe Ṣílẹ̀kùn Èkó fún Gẹ̀ẹ́sì

Ẹni tó bá fẹ́ tan ọlọgbọ́n kì í pa odidi irọ́ fún un. Òtítọ́ ló máa ń mú dání. Á fi apá kan hàn, á fi apá kejì pamọ́. Ìdí nìyí tí àwọn baba wa fi kìlọ̀ pé agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà. Ẹ jẹ́ kí á fi ọ̀rọ̀ Èkó yẹ̀ ẹ́ wò.

Ní 1841 ni Akítóyè, ọmọ Ológun Kútere, jọba l'Ékòó. Kòsọ́kọ́, ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀, gbógun tì í ní 1845, ó sì lé e kúrò lórí oyè. Akítóyè sá lọ sí Abẹ́òkúta, ó ti ibẹ̀ bọ́ sí Àgbádárìgì, níbi tí àwọn míṣọ́nárì wà.

Ní 1851 ó bẹ John Beecroft, aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì: bí wọ́n bá lè dá òun padà sórí oyè, òun á fòpin sí òwò ẹrú. Lọ́dún kan náà, Samuel Àjàyí Crowther, tí wọ́n ti tà lẹ́rú rí, wà ní London, ó sì bá Palmerston, mínísítà ọ̀rọ̀ ilẹ̀ òkèèrè, sọ̀rọ̀. Òótọ́ ni ẹjọ́ tí wọ́n rò. Kòsọ́kọ́ ń ta ẹrú, kò sì sí ọmọlúàbí tó máa gbèjà òwò burúkú yẹn.

Ṣùgbọ́n kí ló wà lẹ́yìn aṣọ? Nígbà tí Akítóyè fúnra rẹ̀ wà lórí oyè, òwò ẹrú kò dáwọ́ dúró l'Ékòó. Tinúbú, obìnrin alágbára tó dúró tì í gbágbágbá, ẹrú wà lára ọjà tó ń tà. Ìjà oyè láàárín ẹbí kan ni, wọ́n wá fi ẹ̀wù ìjà òmìnira wọ̀ ọ́. Àwọn oníṣòwò Gẹ̀ẹ́sì pẹ̀lú ń wá epo pupa, Èkó sì ni ẹnu ọ̀nà. Nígbà tí Beecroft lọ bá Kòsọ́kọ́, ó ní abẹ́ Ọba Bìní ni òun wà. Ta ló ka ẹjọ́ tirẹ̀ sí?

Ní oṣù Kọkànlá 1851 wọ́n kọlu Èkó, ará Èkó lé wọn padà. Ní òpin oṣù Kejìlá wọ́n tún dé, ìbọn ńlá wọn sì jó ìlú. Òun ni wọ́n ń pè ní ogun Àgídìngbì. Kòsọ́kọ́ sá, ó fìdí kalẹ̀ sí Ẹ̀pẹ́. Ní ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù Kìn-ín-ní 1852, Akítóyè fọwọ́ sí àdéhùn.

Ẹ wo ohun tó tẹ̀lé e. Ní 1854, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì kan náà jókòó ti Kòsọ́kọ́ l'Ẹ́pẹ̀ẹ́, wọ́n jọ ṣe àdéhùn. Tinúbú tó ti bá wọn ṣe, wọ́n lé e kúrò l'Ékòó ní 1856. Ní ọjọ́ 6 oṣù Kẹjọ 1861, Dòsùnmú, ọmọ Akítóyè, fọwọ́ síwèé tó fi Èkó fún Ọbabìnrin Victoria, nígbà tí ọkọ̀ ogun Prometheus wà lójú omi. Kí ni ìdí tí wọ́n kọ sínú ìwé náà? Láti fòpin sí òwò ẹrú ni. Oògùn tí wọ́n fi wọlé ní 1851 náà ni wọ́n fi gba ilé.

Àwa awo mọ ewu yìí. Ẹni tó wá dífá kì í ro ẹjọ́ rẹ̀ fún babaláwo. Owó ló máa fẹnu kàn, á sọ ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀ sí i. Àwọn àgbà mọ̀ pé ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn, ibi tó bá a lára mu ni yóò sọ. Nítorí náà, bí wọ́n bá gbé ìtàn wá, kí á má ṣe bèèrè pé ṣé òótọ́ ni nìkan. Ẹ jẹ́ kí á tún bèèrè pé: ta ni kò sí níbẹ̀ nígbà tí wọ́n ń rojọ́?