LIBERTAD LAMARQUE ÀTI ÌTÀN ÌGBÁTÍ KAN NÍNÚ SINIMÁ AJẸNTÍNÀ

Níbikíbi tí wọ́n bá ti dárúkọ Libertad Lamarque láàrin àwọn tí ó mọ sinimá Ajẹntínà, ọ̀rọ̀ ìgbátí ni ó máa ń kọ́kọ́ jẹ yọ. Ohun tí wọ́n ń sọ ni pé nígbà tí wọ́n ń ya La cabalgata del circo, fíìmù Mario Soffici tí ó jáde ní 1945, Lamarque gbá ọ̀dọ́mọbìnrin kan tí wọ́n jọ ń ṣeré létí nítorí pé ó máa ń pẹ́ dé ibi iṣẹ́. Eva Duarte ni ọ̀dọ́mọbìnrin náà. Ní oṣù kẹwàá ọdún náà ó di aya Juan Perón. Ní 1946 Perón di ààrẹ, Lamarque sì di èrò Mẹ́ksíkò. Lamarque fúnra rẹ̀ sẹ́ pé òun kò gbá ẹnikẹ́ni létí. Yálà ó gbá a tàbí kò gbá a, ìtàn yìí ti gbé iṣẹ́ ogún ọdún pamọ́ sẹ́yìn àtẹ́lẹwọ́ kan, èyí kò sì tọ́.

Ìlú Rosario ni wọ́n bí i sí ní 1908. Bàbá rẹ̀ wà lára àwọn tí kò gbà pé ó yẹ kí ìjọba kankan wà lórí ènìyàn, ó sì sọ ọmọ rẹ̀ ní Libertad, èyí tí ó túmọ̀ sí Òmìnira. (Orúkọ a máa ro ọmọ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ilẹ̀ òkèèrè ni púpọ̀ nínú òmìnira tirẹ̀ wà.) Ní 1926 ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Teatro Nacional ní Buenos Aires, ọdún yẹn kan náà ni ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í kọrin sínú àwo. Nítorí náà, kí sinimá ilẹ̀ náà tó lè sọ̀rọ̀ ni àwọn ènìyàn ti mọ ohùn rẹ̀. Ó wà nínú ¡Tango! ti Luis Moglia Barth ní 1933, fíìmù àkọ́kọ́ tí ilé iṣẹ́ Argentina Sono Film gbé jáde. Tita Merello àti Azucena Maizani náà wà níbẹ̀. Ìtàn inú fíìmù náà kò tó nǹkan. Orin ni ó gbé e ró.

Ọdún 1936 ni iṣẹ́ rẹ̀ gan-an bẹ̀rẹ̀, nígbà tí José Agustín Ferreyra ya Ayúdame a vivir. Lamarque fúnra rẹ̀ ni ó ro ìtàn rẹ̀. Ṣáájú ìgbà yìí, bí òṣèré bá fẹ́ kọrin nínú fíìmù, orí ìtàgé ni wọ́n sábà máa ń gbé e lọ, ìtàn á sì dúró dè é títí yóò fi kọrin tán. Nínú fíìmù yìí, àárín ọ̀rọ̀ gan-an ni ó ti ń bọ́ sínú orin tángò. Ohun tí ẹnu kò lè sọ tán, orin ni ó ń parí rẹ̀, ìtàn sì ń tẹ̀ síwájú nínú orin. Ọ̀nà kan náà ni wọ́n tọ̀ nínú Besos brujos (1937) àti La ley que olvidaron (1938). Ó rọrùn fún lámèyítọ́ láti fi ojú ẹkún obìnrin lásán wo àwọn eré wọ̀nyí. Ṣùgbọ́n ẹkún yẹn ni ó tà ní Kúbà àti ní àwọn ilẹ̀ mìíràn tí wọ́n ti ń sọ èdè Spéìn, òun ni ó sì ṣí ọjà fún sinimá Ajẹntínà. Nígbà tí Luis Saslavsky ya Puerta cerrada ní 1939, nínú èyí tí Lamarque ṣe akọrin tí ó fi iṣẹ́ sílẹ̀ nítorí ọkọ tí ó sì bọ́ sí ẹ̀wọ̀n, kò sí òṣèrébìnrin púpọ̀ tí ó lè bá a dọ́gba níbẹ̀.

Ogun àgbáyé kejì ni ó ba ọjà náà jẹ́. Ajẹntínà kò dá sí ogun náà títí di oṣù kẹta 1945. Amẹ́ríkà fi èyí bínú, wọ́n sì dín fíìmù òfìfo tí àwọn ayàwòrán Ajẹntínà ń rí rà kù. Mẹ́ksíkò, tí ó ti wọ ogun ní 1942, ni ó jàǹfààní rẹ̀. Iye fíìmù tí Ajẹntínà ṣe ní 1942 lé ní 50. Ní 1944 kò tó 30. Òṣèré tí gbogbo ilẹ̀ náà ń ra ohùn rẹ̀ kò nílò ìgbátí kó tó kọjú sí àríwá. Síbẹ̀, kò yẹ kí ẹnikẹ́ni wẹ ìjọba Perón mọ́. Niní Marshall náà, apanilẹ́rìn-ín tí kò gbá ẹnikẹ́ni létí, bá ara rẹ̀ ní Mẹ́ksíkò.

Fíìmù Gran Casino (1947), èyí tí Luis Buñuel kọ́kọ́ yà ní Mẹ́ksíkò, ni Lamarque fi bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀, òun àti Jorge Negrete. Kò pa owó. Ṣùgbọ́n ó dúró, ó sì ṣe fíìmù tí ó lé ní 40 ní ilẹ̀ náà. Wọ́n ń pè é ní Àfẹ́sọ́nà Amẹ́ríkà.

Eva Perón kú ní 1952, ní ẹni ọdún 33. Wọ́n lé Perón kúrò ní 1955, àwọn tí ó gba ìjọba sì ju Hugo del Carril sí àtìmọ́lé, ọkùnrin tí ó bá àwọn obìnrin méjèèjì ṣeré nínú La cabalgata del circo, tí ó sì kọ orin ẹgbẹ́ Perón sínú àwo. Lamarque padà wá ṣeré ní Buenos Aires, ó ṣe Hello, Dolly! níbẹ̀ ní 1967, ṣùgbọ́n Mẹ́ksíkò ni ó kú sí ní oṣù kejìlá 2000, ní ẹni ọdún 92, nígbà tí ó ṣì ń kópa nínú eré tẹlifíṣọ̀n kan.