Àwòrán Tí Kò Jọ Nǹkan Kan

Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló dá wa dúró. A ń ṣe àkójọ ọ̀rọ̀ iṣẹ́ ọnà fún kíláàsì, a ti kọjá lórí gbẹ́nàgbẹ́nà, amọ̀kòkò àti aláró, kí a tó débi irú àwòrán tí àwọn ará Yúróòpù bẹ̀rẹ̀ sí í yà ní nǹkan bí 1910, èyí tí kì í ṣe ti ènìyàn, kì í ṣe ti ẹranko, kì í ṣe ti ilé tàbí igi. Ọ̀kan nínú wa ní kí a pè é ní "àwòrán afòyemọ̀". Gbogbo wa ṣáà mọ ọ̀rọ̀ orúkọ afòyemọ̀ láti inú ẹ̀kọ́ gírámà: ìfẹ́, ọgbọ́n, ìbànújẹ́, àwọn ohun tí ojú kò rí tí ọwọ́ kò sì lè dì mú. Ó dùn létí. Ṣùgbọ́n ẹlòmíràn bèèrè pé, bí ojú kò bá rí i, báwo ló ṣe wá jẹ́ àwòrán?

Ìbéèrè náà kì í ṣe ẹ̀fẹ̀. Nínú iṣẹ́ kan tó jáde ní 2001, Ọ̀jọ̀gbọ́n Babatunde Lawal tú ọ̀rọ̀ yìí palẹ̀: à-wò-rán, ohun tí a wò tí ó rán wa létí nǹkan mìíràn. Bí a bá gba ìtúpalẹ̀ yìí, àwòrán gbọ́dọ̀ ní ẹni tàbí ohun tí ó ń rán wa létí. Kí ni kí a wá ṣe sí èyí tí ẹni tó yà á fúnra rẹ̀ búra pé kò dúró fún ohunkóhun? A pa àkójọ ọ̀rọ̀ tì fún ìgbà díẹ̀, a lọ ka ìtàn.

Ohun tí wọ́n sábà máa ń sọ ni pé kámẹ́rà ló fà á. Ní 1839 ni wọ́n kéde ọ̀nà fọ́tò Daguerre ní Paris, ẹ̀rọ sì bẹ̀rẹ̀ sí í gba oúnjẹ lẹ́nu àwọn tí ń ya ojú olówó. Òótọ́ wà níbẹ̀, àmọ́ kò tó. Àádọ́rin ọdún ló wà láàárín kámẹ́rà àti àwòrán tí a ń sọ yìí, ebi kì í sì í pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ kó tó mú ènìyàn wá iṣẹ́ mìíràn ṣe.

Wassily Kandinsky ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ dárúkọ. Ẹ̀kọ́ òfin ló kọ́ ní Moscow. Níbi ìpàtẹ kan níbẹ̀, ó dúró níwájú àwòrán òkìtì koríko gbígbẹ tí Claude Monet yà, kò sì mọ ohun tó ń wò títí tó fi yẹ ìwé ìpàtẹ náà wò. Inú bí i pé ayàwòrán kò jẹ́ kí nǹkan hàn kedere, síbẹ̀ àwòrán náà kò kúrò lọ́kàn rẹ̀. Ní 1896, ní ọmọ ọgbọ̀n ọdún, ó fi òfin sílẹ̀, ó gba Munich lọ láti kọ́ àwòrán yíyà. Ìtàn kejì tí òun fúnra rẹ̀ sọ dára ju ti àkọ́kọ́ lọ. Ó dé ibi iṣẹ́ rẹ̀ nígbà tí ilẹ̀ ń ṣú, ó sì rí àwòrán kan tí ẹwà rẹ̀ bà á lẹ́rù, tí kò rí nǹkan kan pàtó nínú rẹ̀ ju àwọ̀ lọ. Ìgbà tó sún mọ́ ọn ló rí i pé iṣẹ́ òun náà ni, tí wọ́n fi ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ti ògiri. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ó gbìyànjú láti tún rí ohun tó rí lálẹ́, kò rí i mọ́. Ó ní òun wá mọ̀ pé àwọn nǹkan tí òun ń yà ló ń ba àwòrán òun jẹ́.

Nínú ìwé rẹ̀ tó jáde ní ìparí 1911, orin ló fi ṣe àpẹẹrẹ. Orin kì í ṣe àfarawé ohunkóhun, síbẹ̀ ó ń wọ ọkàn. Kí ló dé tí àwọ̀ àti ìlà kò lè ṣe bẹ́ẹ̀? Níbí ni a ti rẹ́rìn-ín díẹ̀. Ẹni tó bá dàgbà sétí dùndún kò lè gba àpẹẹrẹ yìí wọlé láìbéèrè nǹkan kan. Ìlù tiwa ń sọ̀rọ̀. Ó ń pe orúkọ, ó ń ki oríkì, ó sì ń bú ènìyàn bó bá wù ú. Àlejò tí kò gbédè yóò jó, yóò ní orin náà dùn, kò ní mọ̀ pé òun ni wọ́n ń bú. Ẹ jẹ́ kí a fi àlejò yẹn sọ́kàn, a ó padà sọ́dọ̀ rẹ̀.

Àwọn ìwé àtijọ́ fi Kandinsky ṣe ẹni àkọ́kọ́, wọn kò ka Hilma af Klint kún. Ará Swídìn ni obìnrin yìí, ó kẹ́kọ̀ọ́ gboyè ní ilé ẹ̀kọ́ ọnà ọba ní Stockholm, ó sì ń ya ojú ènìyàn àti òdòdó jẹun. Láàárín 1906 sí 1915 ó ya àwòrán 193 fún tẹ́ńpìlì kan tí ẹnikẹ́ni kò kọ́ rí. Àwọn mìíràn nínú wọn ga ju mítà 3 lọ, wọ́n kún fún òbìrí àti ìlà tó ń yí po bí ìkarahun ìgbín. Ó ní ẹ̀mí ló rán òun níṣẹ́. Ó tún fi àṣẹ sílẹ̀ pé wọn kò gbọdọ̀ pàtẹ wọn títí ogún ọdún yóò fi kọjá lórí ikú òun. Ó kú ní 1944. Ní 1986 ni ayé ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í rí wọn, ní Los Angeles. Nígbà tí mùsíọ́mù Guggenheim ní New York sì pàtẹ wọn láti 2018 wọ 2019, àwọn tó wá wòran lé ní 600,000. Ohun tó kàn wá jù nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀ ni ìwé àkọsílẹ̀ rẹ̀: àwọ̀ búlúù dúró fún abo, àwọ̀ yẹ́lò dúró fún akọ. Ẹni tó ṣáájú gbogbo wọn kò ya ohun tí kò nítumọ̀ rárá.

Kazimir Malevich ló fẹ́ já okùn náà pátápátá. Ní December 1915, nígbà tí ogun ń lọ lọ́wọ́, wọ́n ṣí ìpàtẹ kan ní Petrograd tí wọ́n pè ní "0,10". Nínú àwọn iṣẹ́ tó kó wá ni kánfáàsì onígun mẹ́rin ọgbọọgba kan wà, nǹkan bí sẹ̀ǹtímítà 80 ní ẹ̀gbẹ́ kọ̀ọ̀kan, tí ó kùn ní dúdú, tí funfun sì yí i ká. Ó parí. Kò sí nǹkan mìíràn nínú rẹ̀. Ó ní láti òní lọ, àwòrán ti bọ́ lọ́wọ́ ẹrù ohun gbogbo.

Ṣùgbọ́n ẹ wo ibi tó gbé e kọ́. Kò gbé e sí àárín ògiri bí àwọn yòókù. Òkè, ní igun tí ògiri méjì ti pàdé, ló fi í sí, ibẹ̀ gan-an sì ni àwọn onígbàgbọ́ Rọ́ṣíà máa ń gbé àwòrán mímọ́ Jésù àti Màríà kọ́ nínú ilé wọn. Gbogbo ẹni tó wọlé ló mọ ohun tí igun yẹn jẹ́. Bí ẹnìkan bá gbé òkúta yangí sí ẹnu ọ̀nà ilé rẹ̀ nílẹ̀ Yorùbá, tó wá ń sọ pé òkúta lásán ni, ta ni yóò gbà á gbọ́? Ọkùnrin tó ní òun ti sọ àwòrán di òmìnira kò lè gbé e kọ́ láìsọ nǹkan.

Ìjọba náà kò gbà pé kò sọ nǹkan. Ní àwọn ọdún 1930, Stalin fẹ́ àwòrán òṣìṣẹ́ tó ń rẹ́rìn-ín lórí katakata. Wọ́n ti Malevich mọ́lé ní 1930, wọ́n sì ti i padà sí yíya ojú ènìyàn. Nínú àwòrán ara rẹ̀ tó yà ní 1933, ó wọ aṣọ bí ènìyàn pàtàkì ayé àtijọ́, ó sì jọ ara rẹ̀ dáadáa. Àmọ́ ní ìsàlẹ̀, níbi tó yẹ kí ó kọ orúkọ sí, onígun mẹ́rin dúdú kékeré kan ló wà níbẹ̀. Àmì tí kò dúró fún ohunkóhun ti di orúkọ rẹ̀.

Ní Jámánì, àwọn Násì kó irú iṣẹ́ báyìí jọ ní Munich ní 1937, ti Kandinsky wà nínú rẹ̀, wọ́n pè é ní iṣẹ́ ọnà ìdíbàjẹ́ kí àwọn ènìyàn lè wá fi ṣe yẹ̀yẹ́. Lẹ́yìn ogun, Amẹ́ríkà gba ọ̀nà kejì. Jackson Pollock ń tẹ́ kánfáàsì sílẹ̀, ó ń da ọ̀dà sí i lórí, orílẹ̀-èdè rẹ̀ sì ń gbé irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ káàkiri bí ẹ̀rí òmìnira. Congress for Cultural Freedom, àjọ kan tó ń náwó sórí àṣà lágbàáyé, ló wá hàn ní 1966 àti 1967 pé ọ̀dọ̀ CIA lowó rẹ̀ ti ń wá. (Owó àjọ yìí kan náà dé ọ̀dọ̀ ẹgbẹ́ Mbari tí wọ́n dá sílẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1961, láìjẹ́ pé àwọn òǹkọ̀wé àti ayàwòrán ibẹ̀ mọ orísun rẹ̀.) Ohun tí wọ́n ní kò sọ nǹkan kan ni ìjọba mẹ́ta ń bá jà tàbí ń bá ṣòwò.

Ibi tí a ka ìtàn dé nìyí tí ìjà fi bẹ́ láàárín wa. Àwọn kan ní kí ni gbogbo ariwo yìí, ṣebí àwa ti ní in tipẹ́: yangí Èṣù kò jọ ènìyàn, ọnà ara àdìrẹ ńkọ́, àrokò ńkọ́? Wọ́n fi kún un pé láti ara agọ̀ Áfíríkà tí Picasso rí ní mùsíọ́mù Trocadéro ní 1907 ni Yúróòpù ti jí i. Picasso rí àwọn agọ̀ náà lóòótọ́, wọ́n sì yí ọwọ́ rẹ̀ padà, àmọ́ òun alára kò fìgbà kan gbà láti ya ohun tí kò ní ènìyàn tàbí nǹkan nínú.

Àwa yòókù kò gba ọ̀rọ̀ "àwa la kọ́kọ́ ní in" yìí, a ó sì sọ ìdí rẹ̀. Ẹ mú àrokò. Bí wọ́n bá fi owó ẹyọ mẹ́fà ránṣẹ́ sí ọ, ẹni náà ń sọ pé ọkàn òun fà sí ọ. Bó bá jẹ́ mẹ́jọ, ọ̀rọ̀ yín ti jọ ara wọn nìyẹn. Owó ẹyọ kò jọ ìfẹ́. Orúkọ iye rẹ̀ ló dún bí ọ̀rọ̀ náà: ẹfà, fà, ẹjọ, jọ. Èdè ni àrokò, èdè tí a so mọ́ okùn. Ẹni tó bá pè é ní àwòrán tó bọ́ lọ́wọ́ ìtumọ̀ ti di àlejò onídùndún tí a sọ lẹ́ẹ̀kan, tó ń jó sí èébú. Malevich ń wá ibi tí ọ̀rọ̀ ti tán. Ẹni tó ń di àrokò ń wá ọ̀nà tí ọ̀rọ̀ yóò fi dé. Kò sí ìdí tí a ó fi gba oyè Malevich fún un, torí kò bá a dùpò.

Rubem Valentim ló pa ẹnu wa pọ̀. Wọ́n bí i ní Salvador, ní Bahia, ní 1922, iṣẹ́ dókítà eyín ló kọ́, àwòrán ló sì fúnra rẹ̀ kọ́ ara rẹ̀. Ní ìgbà tirẹ̀, àwọn ayàwòrán ńlá ní São Paulo àti Rio ní kí onígun mẹ́ta jẹ́ onígun mẹ́ta lásán, kí róbótó má dúró fún nǹkan kan ju ara rẹ̀ lọ. Valentim ya onígun mẹ́ta àti róbótó tó gún régé bíi tiwọn, ìlà rẹ̀ mọ́, àwọ̀ rẹ̀ tẹ́jú. Ṣùgbọ́n ojúbọ Candomblé tó ti ń rí láti kékeré ló ti mú wọn. Onígun mẹ́ta méjì tó kọjú síra lórí ọ̀pá kan, oṣé Ṣàngó ni. Ọrun àti ọfà Ọ̀ṣọ́ọ̀sì wà níbẹ̀. Ó gbé iṣẹ́ rẹ̀ lọ sí Dakar ní 1966, ó sì kópa nínú FESTAC ní Èkó ní 1977. Ní ọdún 1977 yẹn kan náà ló gbé "Templo de Oxalá" kalẹ̀ níbi ìpàtẹ ńlá São Paulo, ère àti pákó gbígbẹ́, gbogbo rẹ̀ funfun. Kò yẹ kí a ṣẹ̀ṣẹ̀ máa sọ ìdí tó fi funfun fún ẹni tó bá mọ Òrìṣàńlá.

A fi fọ́tò iṣẹ́ rẹ̀ kan han àwọn ọmọ kíláàsì wa láìsọ orúkọ rẹ̀. Ẹnìkan ní ọkọ̀ òfurufú ni, ẹnìkan ní àmì ilé ìfowópamọ́. Ọ̀kan tí bàbá rẹ̀ jẹ́ oníṣàngó kò sọ nǹkan, ó kàn na ìka sí oṣé náà.

A ti padà sórí àkójọ ọ̀rọ̀ wa. Ní iwájú "àwòrán afòyemọ̀", a fi àmì ìbéèrè sí i. Lábẹ́ rẹ̀ a tún kọ "ọnà aláìjọ" fún ti Malevich. Àyè iṣẹ́ Valentim ṣì ṣófo; bí ẹ bá ní ọ̀rọ̀ tó lè wọ ibẹ̀, ẹ fi ránṣẹ́ sí wa.