Bí Táyà Ẹ̀yìn Ṣe Wá Ń Bá Ti Iwájú Ṣiṣẹ́

Ìbéèrè tí a gbé kalẹ̀ fún ìjíròrò lálẹ́ yìí ni èyí: bí a bá ní ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ tí ó jẹ́ pé táyà iwájú nìkan ni ẹ́ńjìnnì ń yí, ǹjẹ́ a lè sọ ọ́ di èyí tí táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin yóò máa fà? Àwọn kan nínú àwọn mẹkáníìkì wa gbà pé kò sí ohun tí ó rọrùn tó o: kí a sáà ti na ọ̀pá irin gbọọrọ kan lọ sí ẹ̀yìn, kí a so ó mọ́ táyà, ó parí. Àwọn mìíràn ní àlá lásán ni, wọ́n ní ilé-iṣẹ́ ńlá tí owó kún inú àpò rẹ̀ nìkan ni ó lè dán irú rẹ̀ wò. Ìtàn kò gbè sẹ́yìn èyíkéyìí nínú wọn. Èmi kì í ṣe onímọ̀ ẹ̀rọ. Èdè ni mo ń kọ́ni ní yunifásítì. Ṣùgbọ́n ìtàn ẹ̀rọ kì í ṣe ti àwọn ẹlẹ́rọ nìkan, nítorí pé ènìyàn ni ó ń ṣe ẹ̀rọ, àìní ènìyàn ni ó sì ń bí i.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ gbé ọ̀rọ̀ sí ojú ibi tí ó yẹ. Peugeot 504 tí ó gbòde ní ilẹ̀ wa láyé ijọ́un, táyà ẹ̀yìn ni ẹ́ńjìnnì rẹ̀ ń yí. Volkswagen tí a ń pè ní Ìjàpá náà, táyà ẹ̀yìn ni. Ti Peugeot, ẹ́ńjìnnì wà níwájú, ọ̀pá irin gígùn sì gba abẹ́ ọkọ̀ kọjá láti gbé agbára lọ fún ẹ̀yìn. Ní 1934 ni ilé-iṣẹ́ Citroën ní ilẹ̀ Faransé gbé ọkọ̀ kan jáde tí ẹ́ńjìnnì, gíá àti táyà tí ń fa ọkọ̀ jọ wà níwájú, tí wọ́n sì ṣe é lọ́pọ̀ yanturu. Ní 1959, Mini ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tún gbé ọ̀nà yìí dé ibi tí ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ fi ń wò ó kọ́ṣe. Èrè rẹ̀ hàn gbangba: kò sí ọ̀pá lábẹ́ ọkọ̀, ilẹ̀ inú rẹ̀ tẹ́ pẹrẹsẹ, àyè sì gba èrò. Àbùkù rẹ̀ ni pé táyà méjì kan náà ni yóò fa ọkọ̀, àwọn náà ni yóò sì yà á sọ́tùn-ún tàbí sósì. Bí ọkọ̀ bá ń gun òkè, ẹ̀yìn ni ìwúwo ń sún sí. Iwájú yóò fúyẹ́, táyà yóò sì máa yí lórí ẹrẹ̀ bí ẹni tí ń jó lójú kan.

Kí ni ó wá dé tí a kò kàn lè so iwájú pọ̀ mọ́ ẹ̀yìn? Ẹ̀yin olùkọ́ tí ẹ ti kọ́ ọmọ ilé-ìwé bí a ti ń yan lọ́jọ́ òmìnira yóò mọ ìdáhùn rẹ̀. Bí ọ̀wọ́ ọmọ mẹ́rin tí wọ́n tò ní ẹ̀gbẹ́ ara wọn bá dé ibi igun, ọmọ tí ó wà ní inú igun yóò fẹ́rẹ̀ẹ́ máa tẹ ilẹ̀ lójú kan, èyí tí ó wà ní ìta yóò sì máa gbé ẹsẹ̀ gbàgà-gbàgà. Bí a bá fi okùn so ẹsẹ̀ wọn pọ̀, wọn yóò ṣubú. Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni ti táyà. Ìdí nìyí tí àwọn gíá kéékèèké kan fi wà láàárín táyà méjì tí ẹ́ńjìnnì ń yí, tí ó ń jẹ́ kí ọ̀kan yára ju èkejì lọ níbi igun. Difrẹ́ńṣà ni àwọn mẹkáníìkì ń pè é, n kò sì rí ìdí tí àwa onímọ̀ èdè yóò fi gba orúkọ náà lẹ́nu wọn. Ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kò fiyè sí ni pé níbi igun kan náà, táyà iwájú ń rìn jìnnà ju ti ẹ̀yìn lọ. Bí a bá fi ọ̀pá líle so iwájú mọ́ ẹ̀yìn, kò sí wàhálà lórí ẹrẹ̀, nítorí pé táyà yóò yọ̀, ìjà yóò sì tú. Lórí ọ̀dà gbígbẹ, kò sí ibi tí ìjà náà yóò gbà jáde: ọkọ̀ yóò máa fò, táyà yóò máa jẹ, gíá yóò sì fọ́ bí ó bá yá. Inú ọ̀rọ̀ yìí ni gbogbo ìtàn wa fi ara pamọ́ sí.

Kì í ṣe pé fífi táyà mẹ́rin fa ọkọ̀ jẹ́ ohun tuntun. Ní 1903 ni ilé-iṣẹ́ Spyker ní ilẹ̀ Netherlands ti ṣe irú rẹ̀. Ní 1966, Jensen FF ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fi í sínú ọkọ̀ ìgbafẹ́ olówó ńlá. Ṣùgbọ́n kì í ṣe ọkọ̀ tí ń fi táyà iwájú rìn ni wọ́n yí padà, nítorí náà a ó fi wọ́n sílẹ̀. Àwọn tí ó kọ́kọ́ kojú ìṣòro tiwa gan-an ni àwọn ará Citroën, tí wọ́n ń fẹ́ kí ọkọ̀ kékeré wọn, 2CV, lè rìn nínú iyanrìn aṣálẹ̀ Àríwá Áfíríkà. Ọgbọ́n wo ni wọ́n dá? Wọ́n fi ẹ́ńjìnnì kejì sí ẹ̀yìn! Ẹ́ńjìnnì iwájú ń yí táyà iwájú, ti ẹ̀yìn ń yí ti ẹ̀yìn, ọwọ́ gíá kan ṣoṣo sì ń darí méjèèjì. Wọ́n pè é ní Sahara. Kò sí ọ̀pá kankan láàárín wọn, nítorí náà ìjà iwájú àti ẹ̀yìn kò sí. Ṣùgbọ́n ta ni yóò ra ẹ́ńjìnnì méjì nítorí ọkọ̀ kan? Èyí tí wọ́n ṣe láti 1960 títí tí wọ́n fi pa á tì kò tó 700. John Cooper, ẹni tí a fi orúkọ rẹ̀ pe Mini Cooper, dán irú rẹ̀ wò lára Mini; ní 1964 ó ní ìjàǹbá nínú ọkọ̀ ẹlẹ́ńjìnnì méjì náà, ó sì fara pa gidigidi.

Ìgbà tí a dé ilẹ̀ Japan ni ọ̀rọ̀ wá yí padà. Ní àríwá ìlà-oòrùn erékùṣù Honshu, ní agbègbè tí a ń pè ní Tohoku, òjò dídì máa ń bo ọ̀nà orí òkè mọ́lẹ̀ lásìkò òtútù. Ilé-iṣẹ́ mànàmáná tí ó wà níbẹ̀, Tohoku Electric Power, ní òṣìṣẹ́ tí ó gbọ́dọ̀ máa lọ wo wáyà lójú ọ̀nà wọ̀nyí, òjò dídì ìbáà wà tàbí kí ó má sí. Ọkọ̀ jíìpù ni wọ́n ń lò. Jíìpù ń lọ, kò sí iyèméjì, ṣùgbọ́n òtútù inú rẹ̀ kò ṣeé fara dà, gbígbọ̀n rẹ̀ sì ń rẹ ènìyàn. Wọ́n wá tọ ilé-iṣẹ́ tí ń ta Subaru ní ìpínlẹ̀ Miyagi lọ, wọ́n béèrè ọkọ̀ tí yóò lágbára bíi jíìpù tí yóò sì tura bí ọkọ̀ ilé.

Ẹ kíyè sí i pé ilé ìtajà ni mo wí. Àwọn mẹkáníìkì ilé ìtajà yìí ni wọ́n mú ọkọ̀ Subaru 1300G, tí ó jẹ́ pé táyà iwájú nìkan ni ó ń fà á, tí wọ́n sì gbé difrẹ́ńṣà ẹ̀yìn ọkọ̀ Nissan Bluebird wá, ohun ìní ilé-iṣẹ́ mìíràn, tí wọ́n dè é sí ẹ̀yìn rẹ̀. Wọ́n na ọ̀pá láti ìdí gíá lọ sí ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ọkọ̀ náà rìn. Ilé-iṣẹ́ ńlá tí ó ń ṣe Subaru, Fuji Heavy Industries, rí i pé ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe eré. Wọ́n gbé e wá sí ìpàtẹ ọkọ̀ ní Tokyo ní 1971, nígbà tí ó sì di 1972 wọ́n gbé Leone jáde fún títà, ọkọ̀ ilé tí táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin lè fà.

Kí ni ó mú kí ó rọrùn fún wọn? Láti ìgbà tí Subaru 1000 ti jáde ní 1966 ni wọ́n ti ń fi ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ yìí sí òòró, kì í ṣe ìbú. Gíá wà lẹ́yìn ẹ́ńjìnnì, ìdí rẹ̀ sì kọjú sí ẹ̀yìn ọkọ̀ tààrà, bí ẹni pé ó ń dúró de ọ̀pá. Èyí ni kókó tí àwọn tí ń sọ pé ó rọrùn kì í rántí. Ìjà níbi igun ńkọ́? Leone kò yanjú rẹ̀. Ó yẹra fún un ni. Awakọ̀ ní ọwọ́ irin kan tí yóò fà bí ó bá dé ojú òjò dídì tàbí ẹrẹ̀, tí yóò sì dá padà nígbà tí ó bá dé orí ọ̀dà. Ẹni tí ó bá gbàgbé láti dá a padà, gíá rẹ̀ ni yóò rán an létí.

Ilẹ̀ Jámánì ni a ti yanjú ìjà náà. Ní àsìkò òtútù tí ó bẹ̀rẹ̀ ní 1976 wọ 1977, àwọn òṣìṣẹ́ Audi ń dán ọkọ̀ wò nínú òjò dídì ní Finland. Wọ́n mú ọkọ̀ ológun kan tí ń jẹ́ Iltis dání, tí agbára rẹ̀ kò ju ti ẹṣin 75 lọ. Jörg Bensinger, tí ó jẹ́ olórí nínú àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ wọn, rí i pé Iltis ń fi àwọn ọkọ̀ Audi tí agbára wọn jù ú lọ fíìfíì sílẹ̀ sẹ́yìn, kìkì nítorí pé táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ni ó ń fà á. Ní oṣù kejì 1977, ó lọ bá ọ̀gá rẹ̀, Ferdinand Piëch, pé kí wọ́n ṣe irú rẹ̀ lára ọkọ̀ ilé. Wọ́n mú Audi 80, tí táyà iwájú ń fà, wọ́n sì fi ẹ̀yà ara Iltis yí i padà. Ní oṣù kìíní 1978, ó gun òkè Turracher Höhe ní ilẹ̀ Austria nínú òjò dídì, láìlo ẹ̀wọ̀n, táyà ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ni ó sì wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀.

Síbẹ̀, ọ̀pá líle ni ó so iwájú mọ́ ẹ̀yìn rẹ̀. Ìtàn tí wọ́n ń sọ ni pé Ernst Fiala, ọ̀gá onímọ̀ ẹ̀rọ ní Volkswagen, mú ọkọ̀ náà lọ sí Vienna, ìyàwó rẹ̀ sì wà á wọ ìgboro. Nígbà tí màmá náà dé, ó ráhùn pé bí òun bá ti ń yí i níbi tóóró, ńṣe ni ó ń fò. Mo fẹ́ràn ìtàn yìí púpọ̀, nítorí pé àwọn onímọ̀ ẹ̀rọ ti fi òkè àti òjò dídì dán ọkọ̀ náà wò, ṣùgbọ́n ojú ọ̀nà gbígbẹ nínú ìgboro ni ó tú àṣírí rẹ̀. Difrẹ́ńṣà kẹta ni wọ́n nílò, láàárín iwájú àti ẹ̀yìn, ṣùgbọ́n àyè kò sí. Franz Tengler ni ó dá ọgbọ́n rẹ̀: ó gbẹ́ inú ọ̀pá kan nínú gíá, ọ̀pá tí gígùn rẹ̀ jẹ́ mìlímítà 263, ó sì sọ ọ́ di oníhò. Agbára ń gba ara ọ̀pá oníhò náà lọ sí difrẹ́ńṣà tí ó wà ní ìdí gíá; láti ibẹ̀, apá kan ń lọ sí ẹ̀yìn, apá kejì ń gba inú ihò náà padà wá sí iwájú. Ọ̀nà kan náà ni àlọ àti àbọ̀. Ní oṣù kẹta 1980 ni wọ́n gbé ọkọ̀ náà, Audi quattro, hàn ní Geneva.

Ìdíje ìfimọ́tòsáré ni ó gbé orúkọ rẹ̀ kiri ayé. Ní 1981, Michèle Mouton, ọmọ ilẹ̀ Faransé, fi í borí ní Sanremo, òun sì ni obìnrin àkọ́kọ́ tí ó borí nínú ìpele kankan nínú ìdíje àgbáyé náà. Itòsí wa níhìn-ín, ní ilẹ̀ Côte d'Ivoire, ni ọ̀rọ̀ ti dójú ẹ̀ ní 1982. Baba Mouton kú nígbà tí ìdíje fẹ́ bẹ̀rẹ̀. Ó sáré náà síbẹ̀. Ó wà níwájú, kí ìdààmú gíá tó jẹ àkókò mọ́ ọn lọ́wọ́, tí ó sì já kúrò lójú ọ̀nà nígbà tí ó ń lépa. Walter Röhrl ni ó gba adé àgbáyé, nínú ọkọ̀ Opel tí táyà ẹ̀yìn méjì péré ń fà. Àwọn tí ń sọ pé táyà mẹ́rin kò ṣeé borí kì í fẹ́ rántí ọdún yìí. Ọdún méjì lẹ́yìn náà, lórí ilẹ̀ Côte d'Ivoire kan náà, Stig Blomqvist fi quattro borí.

Nísinsìnyí, ẹ jẹ́ kí n padà sí ọ̀dọ̀ mẹkáníìkì wa. Ọ̀pọ̀ jù lọ ọkọ̀ tí táyà iwájú ń fà lónìí, ẹ́ńjìnnì wọn wà ní ìbú, bíi ti Mini. Ìdí gíá wọn kọjú sí ẹ̀gbẹ́, nítorí náà a gbọ́dọ̀ fi gíá mìíràn ṣẹ́ agbára kọrọ kí ó tó lè lọ sí ẹ̀yìn. Volkswagen ṣe é fún Golf ní 1986: wọ́n fi ohun èlò kan sáàárín tí àwo pẹlẹbẹ pọ̀ nínú rẹ̀, tí òróró tí ó ki sì yí wọn ká. Bí táyà iwájú bá ń yọ̀, àwo ìhà kan yóò máa sáré ju ti ìkejì lọ, òróró náà yóò sì máa fà wọ́n papọ̀ títí ẹ̀yìn yóò fi bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Níbi igun lásán, ìyàtọ̀ eré wọn kò tó nǹkan, kò sì sí ìjà. Ẹni tí ó bá fẹ́ ṣe é fúnra rẹ̀ yóò gé ilẹ̀ ọkọ̀ kí ọ̀pá lè kọjá, yóò gbé táǹkì epo kúrò ní ipò rẹ̀, yóò sì pààrọ̀ gbogbo ohun tí ó gbé táyà ẹ̀yìn dúró. Lẹ́yìn èyí ni yóò tó ka eyín gíá difrẹ́ńṣà iwájú àti ti ẹ̀yìn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, nítorí pé bí ìṣirò méjèèjì kò bá dọ́gba, ọkọ̀ náà yóò máa bá ara rẹ̀ jà kódà lójú ọ̀nà tí ó tọ́ gbọọrọ.